Agbo Ìràwọ̀, Ìkùukùu Ìràwọ̀, Ìlú Ìràwọ̀: Ẹ Má Fi Orúkọ Kan Pe Mẹ́ta

Ọ̀kan nínú ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ mi àtijọ́, tó ń kọ́ àwọn ọmọ ní Ìsàlẹ̀ Èkó báyìí, kọ̀wé sí mi lọ́sẹ̀ tó kọjá. Ó ní, "Prof, ẹ jọ̀ọ́ sà, kí ni ká máa pe galaxy ní Yorùbá?" Ìwé tó fi ń kọ́ wọn pè é ní "ìṣùpọ̀ ìràwọ̀". Ó ṣí ojú ewé kejì, star cluster náà, "ìṣùpọ̀ ìràwọ̀" ni. Nebula ńkọ́? "Ìṣùpọ̀ ìràwọ̀ tó dà bíi kùrukùru." Ni ọmọ kan bá bi í pé ṣé nǹkan kan náà ni mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Ọmọ yẹn gbọ́n ju ìwé náà lọ.

Ẹ má rò pé ọ̀rọ̀ ẹwà èdè lásán nìyí o. Ohun mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n, ó sì gba àwọn ọlọ́gbọ́n ayé ní nǹkan bí ẹgbẹ̀rún ọdún kí wọ́n tó mọ̀ bẹ́ẹ̀. Tí a bá fi orúkọ kan pe mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, ṣe la ń dá ọmọ Ìsàlẹ̀ Èkó padà sí ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀nà tí àwọn ẹlòmíì ti rìn kọjá.

Ẹ jẹ́ ká wo ọ̀nà ọ̀hún. Ní ọdún 964, al-Sufi, ará Páṣíà tó fi èdè Lárúbáwá kọ̀wé, ṣàkíyèsí ohun funfun kan ní apá ibi tí à ń pè ní Andromeda, ó sì ṣàpèjúwe rẹ̀ bí ìkùukùu kékeré. (Ẹ rántí pé "sánmà" wa yìí, inú Lárúbáwá la ti yá a.) Ní 1677, erékùṣù St Helena, ìsàlẹ̀ òkun wa níhìn-ín, ni Edmond Halley wà tó fi rí i pé Omega Centauri kì í ṣe ìràwọ̀ kan ṣoṣo. Lacaille, ará Faransé, dé Cape ní gúúsù Áfíríkà ní 1751, ó sì ka 42 irú nǹkan báwọ̀nyí. Ọmọ ìlú rẹ̀, Charles Messier, kó 103 jọ títí di 1781, kí àwọn tó ń wá ìràwọ̀ onírù má baà ṣi ohun kan mú fún òmíràn. Ẹ wo inú agbọ̀n Messier: M31, M42, M45. Galaxy, nebula, star cluster, gbogbo wọn wà pọ̀ bí ẹja tútù àti ẹja gbígbẹ nínú igbá kan. Messier kò jẹ̀bi. Ohun tí ojú rẹ̀ rí ló kọ. Ọ̀rọ̀ tiwa ló yàtọ̀, torí wọ́n ti ya ẹja náà sọ́tọ̀ kó tó dé ọ̀dọ̀ wa.

Báwo ni wọ́n ṣe yà á? Galileo gbé awò rẹ̀ sí Pleiades ní 1610, níbi tí ọ̀pọ̀ ojú ti ń rí mẹ́fà, ó sì ya 36 míì kún un. William Herschel àti Caroline àbúrò rẹ̀ obìnrin fi ọ̀pọ̀ ọdún wá ojú sánmà kiri. Caroline fúnra rẹ̀ ló rí NGC 253 ní 1783. William kọ́kọ́ gbà pé bí awò bá ti tóbi tó, gbogbo ìkùukùu ló máa di ìràwọ̀. Ní 1864, William Huggins yẹ ìmọ́lẹ̀ ọ̀kan wò, ó sì bá a pé afẹ́fẹ́ gbígbóná ni, kì í ṣe ìràwọ̀. Ní 1912, Henrietta Leavitt gbé òfin kan jáde tó jẹ́ ká lè fi àwọn ìràwọ̀ tí ìmọ́lẹ̀ wọn ń lọ sókè sódò wọn bí nǹkan ṣe jìnnà tó. Edwin Hubble lo òfin náà sí Andromeda ní 1923. Nígbà tí 1925 fi bẹ̀rẹ̀, ayé ti gbọ́: ìkùukùu kékeré al-Sufi kò sí nínú ibùgbé ìràwọ̀ tiwa rárá. Lónìí, a mọ̀ pé ìmọ́lẹ̀ máa rin nǹkan bíi mílíọ̀nù méjì àbọ̀ ọdún kó tó ti ibẹ̀ dé ọ̀dọ̀ wa.

Àwa ńkọ́? A kì í ṣe afọ́jú. Ní 1894, A. B. Ellis, ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì, tẹ ìwé jáde nípa àwa Yorùbá. Ó kọ ọ́ pé Irawo-oko là ń pe Sirius, ìràwọ̀ tó mọ́lẹ̀ jù lóru, pé ó máa ń tọ́ àwọn ọlọ́kọ̀ sọ́nà. Ẹ wo bó ṣe kọ ọ́, láìsí àmì. Ṣé oko ni? Àbí ọkọ, àbí ọkọ́, àbí ọ̀kọ̀? Àlàyé tó fi Gẹ̀ẹ́sì ṣe ló jẹ́ ká mọ̀ pé ọkọ̀ ni. Ká ní kò ṣàlàyé, à bá máa jà títí di òní bóyá àgbẹ̀ ló ni ín tàbí ìyàwó ilé. Ṣùgbọ́n orúkọ náà fúnra rẹ̀ dáa. Ìlà oòrùn, tó tẹ̀ díẹ̀ sí gúúsù, ni Sirius ti ń yọ. Lálẹ́ oṣù Kejìlá, ẹni tó bá ti Èbúté Erò wa ọkọ̀ gba ojú ọ̀sà lọ sí ọ̀nà Ẹ̀pẹ́, iwájú rẹ̀ ló máa rí i. Orúkọ tí iṣẹ́ bí nìyẹn.

Àwọn tó túmọ̀ Bíbélì gba ọ̀nà mìíràn. Nínú ìwé Jóòbù, wọ́n fi Orioni àti Pleiade sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ìṣọ́ra ni, mi ò bá wọn wí. Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ wa dàgbà, a rò pé inú Bíbélì nìkan ni Pleiade wà, nígbà tó jẹ́ pé orí òrùlé wa ló ń gbà kọjá. Àwọn Haúsá ń pè é ní Kaza Maiyaya, adìyẹ ọlọ́mọ. Ẹni tó gbọ́ orúkọ yẹn mọ ohun tó yẹ kó wá lójú sánmà.

Ohun tí mo ní lòdì sí "ìṣùpọ̀" nìyí: kò sọ ju pé nǹkan kó jọ. Ẹ̀jẹ̀ náà máa ń ṣù pọ̀. Ìsàlẹ̀ Èkó ní ọ̀rọ̀ tó sàn jù. Àwọn ará agbo ilé kan, orísun kan ni wọ́n ti ṣẹ̀. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni star cluster: inú ìkùukùu kan náà la ti bí àwọn ìràwọ̀ inú rẹ̀. Agbo ìràwọ̀ nìyẹn. Nebula ni ìkùukùu ìràwọ̀, afẹ́fẹ́ àti eruku: òmíràn, bíi M42, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń bí ìràwọ̀, òmíràn, bíi M1, ohun tí ìràwọ̀ tó kú tú sílẹ̀ ni. Galaxy ńkọ́? Ìlú ni. Èkó ní agbo ilé Ìsàlẹ̀ Èkó, ó ní Olówógbówó tàwọn Sàró, ó ní Pópó Àgùdà. Ìlú ìràwọ̀ náà ní agbo, ó ní ìkùukùu, ó sì ní àwọn tó ń dá gbé.

Constellation, tí àwọn kan ń pè ní agbo ìràwọ̀, kò yẹ ní agbo rárá. Àwòrán ìràwọ̀ ni, ojú wa ló so wọ́n pọ̀, bí èrò tó tò sí ẹsẹ̀ kan ní Ìdúmọ̀tà tí wọn ò bá ara wọn tan. Ẹ̀rí rẹ̀ wà lẹ́bàá Ìràwọ̀ Ọkọ̀. Lálẹ́ oṣù Kejì, bí ọyẹ́ bá gbà tí wọ́n sì pa iná, ẹ na ọwọ́, ẹ wọn bí ìka méjì tàbí mẹ́ta sí gúúsù Sirius. Ohun tó rí bàìbàì níbẹ̀ ni M41, agbo ìràwọ̀ tòótọ́. Inú àwòrán kan náà ni àwọn méjèèjì wà. Síbẹ̀, ìmọ́lẹ̀ Sirius ń lo bí ọdún mẹ́sàn-án kó tó dé ọ̀dọ̀ wa, ti M41 ń lo bí 2,300.

Nígbà tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Bámgbóṣé ṣe olóòtú Èdè Ìperí Yorùbá ní 1984, èdè, lítíréṣọ̀ àti ọ̀nà ìkọ́ni ni wọ́n gbájú mọ́. Ojú sánmà ṣẹ́kù fún yín. Ẹ má jókòó sídìí kọ̀ǹpútà ṣe é tán. Ẹ kọ́kọ́ lọ bá àwọn àgbà ọlọ́kọ̀ àti apẹja tó kù létí ọ̀sà, kí iná títì tó mú wọn gbàgbé. Orúkọ tí ẹ bá gbọ́, ẹ fi ránṣẹ́ sí mi, kí ẹ sọ ibi tí ẹ ti gbọ́ ọ àti ìgbà tí wọ́n máa ń wò ó. Mo bẹ̀ yín, ẹ fi àmì ohùn sí i.