Okùn Mẹ́ta, Ènìyàn Mẹ́rin

Okùn ìfami ni. Mo dá a mọ̀ lójú ẹsẹ̀, torí irú rẹ̀ la fi ń fa omi nínú kànga ilé wa: okùn ọ̀rá aláwọ̀ búlúù tí oòrùn ti pa láró. Kóòṣì ti gé e sí ọ̀nà mẹ́ta, ọ̀kọ̀ọ̀kan gùn tó ìgbésẹ̀ mẹ́wàá. Aago mẹ́fà ààbọ̀ òwúrọ̀ Sátidé ni, lórí pápá oníyanrìn pupa kan ní Ìláró, ìrì kò tíì gbẹ lára koríko etí pápá. Àwọn ọmọ mẹ́rin tó ń gba ẹ̀yìn dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn. Kóòṣì bẹ̀rẹ̀ síwájú èkíní, wọ́n ta okùn mọ́ ọn ní ìbàdí, wọ́n fà á lọ bá èkejì, wọ́n ta á mọ́ òun náà, títí wọ́n fi dé ọ̀dọ̀ ẹnì kẹrin. Kókó tí wọ́n ń ta kò le: bí ọmọ kan bá ṣubú, yóò tú fúnra rẹ̀. Wọ́n fi ìka méjì fa kókó kọ̀ọ̀kan wò kí wọ́n tó nàró.

Wọ́n fun fèrè. Ọmọ kan gbé bọ́ọ̀lù wá láti apá ọ̀tún. Ẹ̀yìn ọ̀tún já lọ bá a, bẹ́ẹ̀ ni okùn ìdí rẹ̀ le gan-an, ó fa ẹnì kejì, ẹnì kejì fa ẹnì kẹta, ẹnì kẹrin tó ń wòran ní apá òsì sì ta gìrì bí ewúrẹ́ tí wọ́n fà ní èèkàn. Kóòṣì kò pariwo. Wọ́n rìn lọ sí àárín àwọn méjì àkọ́kọ́, wọ́n fi ìka kan gbé okùn náà sókè díẹ̀, wọ́n sì fi í sílẹ̀.

“Kò gbọdọ̀ le. Kò sì gbọdọ̀ wọ́lẹ̀.”

Gbogbo ẹ̀kọ́ òwúrọ̀ ọjọ́ náà kò ju èyí lọ. Bí okùn bá le, àlàfo ti fẹ̀ jù, ẹni tó ní bọ́ọ̀lù á gbà á kọjá láàárín yín. Bó bá wọ́lẹ̀, ẹ ti fún ara yín pọ̀, etí pápá ti ṣófo. Bí bọ́ọ̀lù bá lọ sí òsì, gbogbo yín ni ẹ óò sún sí òsì, ẹni tó jìnnà jù ni yóò sì rìn jù, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹnikẹ́ni kò ní yìn ín. Fèrè kan, ẹ gòkè. Fèrè méjì, ẹ padà sẹ́yìn. Wọ́n ṣe é lọ, wọ́n ṣe é bọ̀. Ó tó ìgbà ogún kí n tó rí i tí okùn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta rọ̀ dẹ̀dẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, tí ẹsẹ̀ mẹ́jọ sì balẹ̀ bí ẹyọ kan. Ẹni tó bá ti wo Gẹ̀lẹ̀dẹ́ nílẹ̀ Yewa rí, tó ti gbọ́ bí ṣaworo ẹsẹ̀ oníjó ṣe ń bá ìlù dé ibì kan náà, yóò mọ ohun tí mo rí.

Mo bi Kóòṣì ibi tí wọ́n ti kọ́ iṣẹ́ yìí. Wọ́n ní nígbà tí àwọn náà ń gba ẹ̀yìn, Keshi ni àwọn máa ń wò, àní bí bọ́ọ̀lù kò bá sí lọ́dọ̀ rẹ̀ pàápàá.

Ọ̀rọ̀ ìkẹyìn yẹn kò kúrò lọ́kàn mi. Àwa òǹwòran, bọ́ọ̀lù ni ojú wa ń tẹ̀ lé. Ẹni tó ń gba ẹ̀yìn àárín, òun àti aṣọ́lé nìkan ló ń rí ìpàkọ́ àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀. Ó mọ ẹni tó ti rẹ̀, ó mọ ẹni tó ti sùn lọ lórí ìdúró. Ọdún mẹ́tàlá àti jù bẹ́ẹ̀ lọ ni Stephen Keshi fi wo ìpàkọ́ àwọn Super Eagles, ikọ̀ Nàìjíríà. Ọmọ Illah ní ìpínlẹ̀ Delta ni, wọ́n bí i ní 1962, ó kàwé ní St. Finbarr’s ní Àkọkà, ó gbá bọ́ọ̀lù fún ACB ní Èkó, ó sì lọ sí New Nigeria Bank ní ìlú Benin. Ní 1985, wọ́n fi òfin dè é nítorí pé kò tètè dé ibùdó ìgbaradì. Ló bá kọjá sí Abidjan. Àwa tí ilé wa kò jìnnà sí Ìdìrókò mọ bó ṣe máa ń rí kí èèyàn sọdá ibodè nítorí pé ilé ti há. Láti Abidjan ó dé Lokeren ní Belgium, ó sì dé Anderlecht ní 1987, níbi tó ti gba ife ẹ̀yẹ líìgì ní 1991. Ọ̀pọ̀ agbábọ́ọ̀lù wa tó lọ sí Belgium lẹ́yìn rẹ̀, ojú ọ̀nà tí ó là ni wọ́n tọ̀. Òun ni balógun ikọ̀ tó gba ife Áfíríkà ní Tunisia ní 1994.

Ó lọ kọ́ iṣẹ́ akọ́nimọ̀ọ́gbá ní Amẹ́ríkà. Ibi tí ọwọ́ rẹ̀ ti kọ́kọ́ hàn kò jìnnà sí wa rárá: èèyàn lè jẹ ẹ̀kọ àárọ̀ ní Ìdìrókò kí ó gba Porto-Novo àti Cotonou, kí ó sì dé Lomé kí ilẹ̀ tó ṣú. Ní 2004 ló gba ikọ̀ Togo, orílẹ̀-èdè kékeré tí kò tíì dé ìdíje ife àgbáyé rí nígbà náà. Senegal, tó ti dá jìnnìjìnnì sílẹ̀ ní ife àgbáyé 2002, wà ní ìsọ̀rí kan náà pẹ̀lú wọn, Zambia àti Mali náà wà níbẹ̀. Emmanuel Ṣèyí Adebayor, ọmọ Lomé tí àwọn òbí rẹ̀ jẹ́ Yorùbá, gbá bọ́ọ̀lù 11 wọlé. Ní ọjọ́ 8 oṣù kẹwàá 2005, ní Brazzaville, Togo na Congo ní 3 sí 2, wọ́n sì rí ọ̀nà lọ sí Jámánì. Kí ìdíje náà tó bẹ̀rẹ̀, wọ́n ti gba iṣẹ́ lọ́wọ́ Keshi fún Otto Pfister. Ó ṣì ń dùn mí. Ó rán aṣọ náà tán, ẹlòmíràn ló wọ̀ ọ́ jáde.

Ó gba Mali lẹ́yìn náà, kí ó tó padà sílé ní 2011 láti di akọ́nimọ̀ọ́gbá Super Eagles.

Alẹ́ ọjọ́ Àìkú, ọjọ́ 10 oṣù kejì 2013, ilé ìwòran bọ́ọ̀lù kan ní Ayétòrò ni mo wà, jẹnẹrétọ̀ ń ké lẹ́yìn ògiri. Ìparí ife Áfíríkà ni, Nàìjíríà àti Burkina Faso, ní Johannesburg. Àwọn tí Keshi fi sí àárín ẹ̀yìn ni mo kọ́kọ́ wò. Kenneth Omeruo, ọmọ ọdún 19, tó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ ikọ̀ àgbà ní oṣù tó ṣáájú. Àti Godfrey Oboabona, tó ń gbá bọ́ọ̀lù fún Sunshine Stars ní Àkúrẹ́. Joseph Yobo, balógun ikọ̀, wà lórí bẹ́ńṣì. Ẹni tó ti gba ẹ̀yìn rí ló lè ní àyà irú yíyàn bẹ́ẹ̀.

Ní ìṣẹ́jú 40, Victor Moses ta bọ́ọ̀lù, ó ba ara ẹ̀yìn Burkina Faso, ó sì ta lọ sọ́dọ̀ Sunday Mba. Mba gbé e kọjá lókè orí ẹni tó dí i lọ́nà, ó yí onítọ̀hún po, ó pàdé bọ́ọ̀lù náà lódìkejì, ó sì gbá a wọlé. Sunday, lọ́jọ́ Sunday. Gbogbo ilé dìde, àga ṣubú.

Ṣùgbọ́n àádọ́ta ìṣẹ́jú tó kù ni mo ń rò láàárọ̀ ọjọ́ tí mo rí okùn. Bancé àti Pitroipa ti Burkina Faso ń wá àlàfo kiri. Bí bọ́ọ̀lù bá lọ sí ọ̀tún, Efe Ambrose jáde, Oboabona àti Omeruo sún tẹ̀ lé e, ẹ̀yìn òsì wọ inú. Ó kan òdìkejì, wọ́n tún sún padà. N kò mọ̀ nígbà náà pé ohun kan wà láti wò níbẹ̀; mo kàn ń wo aago. Kò sí gọ́ọ̀lù mìíràn. Yobo wọlé nígbà tó kù díẹ̀, òun ló sì gbé ife sókè. Kí Keshi tó ṣe é, Mahmoud El-Gohary ti Egypt nìkan ló ti gba ife náà gẹ́gẹ́ bí agbábọ́ọ̀lù àti gẹ́gẹ́ bí akọ́nimọ̀ọ́gbá. Keshi kú ní ìlú Benin ní oṣù kẹfà 2016, ọmọ ọdún 54.

Oòrùn ti ń mú nígbà tí Kóòṣì tú àwọn kókó náà ní Ìláró. Wọ́n ní kí àwọn ọmọ tún un ṣe láìsí okùn. Lẹ́ẹ̀mejì àkọ́kọ́, ó dára. Lẹ́ẹ̀kẹta, ọmọ òsì tún ti ń wòran. Fèrè dún. Ó fi ọwọ́ kan ìbàdí rẹ̀ bí ẹni pé okùn ṣì wà níbẹ̀, ó sì sún wọlé ìgbésẹ̀ mẹ́ta. Kóòṣì kò sọ nǹkan kan. Wọ́n ti ń wé okùn búlúù náà mọ́ ìgbọ̀nwọ́ àti àtàǹpàkò, wọ́n ń ka àyíká rẹ̀ lábẹ́ ẹnu.