Olúgbódi: Orúkọ tí a Mọ Ẹni tí Ń Jẹ́ Ẹ Ju Ìtumọ̀ Rẹ̀ Lọ

Bí a bá dé orí àṣà ìsọmọlórúkọ nínú kíláàsì, akẹ́kọ̀ọ́ a máa ka Táíwò, Kẹ́hìndé, Ìdòwú, Òjó, Àìná, Ìgè, Dàda àti Àjàyí gerere. Tí ó bá wá kan Olúgbódi, ẹnu a máa wọ́lẹ̀. Ọ̀pọ̀ nínú wọn kò rí ẹni tí ń jẹ́ ẹ rí. Kí àwa olùkọ́ náà má tan ara wa: inú ìwé ni púpọ̀ nínú wa ti pàdé orúkọ náà.

Ìtumọ̀ tí a ń wá fún orúkọ yìí ni a fẹ́ gbé yẹ̀wò níhìn-ín. Èrò wa ni pé irú ọmọ tí ń jẹ́ Olúgbódi dá wa lójú, ṣùgbọ́n ìtumọ̀ orúkọ náà kò tí ì dá wa lójú. Kò sì yẹ kí a gba máàkì lọ́wọ́ akẹ́kọ̀ọ́ nítorí ohun tí àwa fúnra wa kò lè fi ẹsẹ̀ rẹ̀ múlẹ̀.

Lórí irú ọmọ tí ń jẹ́ ẹ, kò sí àríyànjiyàn. Ọmọ tí ìka ọwọ́ tàbí ìka ẹsẹ̀ rẹ̀ lé ni. Samuel Johnson kà á mọ́ àwọn àmútọ̀runwá nínú ìwé ìtàn Yorùbá tí ó kọ parí ní 1897, tí a kò sì tẹ̀ jáde títí di 1921, nígbà tí òǹkọ̀wé náà ti di olóògbé. Ohun tí ó yẹ kí a ṣàkíyèsí ni pé nígbà tí Johnson dé orí Táíwò, ó tú orúkọ náà, ó fi hàn pé ‘tọ́-ayé-wò’ ni. Nígbà tí ó dé orí Olúgbódi, irú ọmọ tí ń jẹ́ ẹ nìkan ni ó sọ. Ọmọ Yorùbá tí ó ti ń gbọ́ ọ̀rọ̀ lẹ́nu àwọn àgbà ayé ìgbà náà ni Johnson. Bí ìtumọ̀ náà bá wà nílẹ̀ gbangba, a kò rí ìdí tí kò fi ní kọ ọ́ sílẹ̀.

Kí ni ó wá sọ orúkọ náà di ọ̀wọ́n? Kì í ṣe pé irú ọmọ bẹ́ẹ̀ ṣọ̀wọ́n. Àwọn oníṣègùn ti fi hàn pé ìka tó lé wọ́pọ̀ láàrin ènìyàn dúdú ju láàrin òyìnbó lọ, ó sì máa ń rìn nínú ìdílé. Ṣùgbọ́n bí ìka náà bá rọ̀, tí kò ní eegun, àwọn agbẹ̀bí a máa fi òwú so ó kí ó lè gbẹ, kí ó sì já. Kí ọjọ́ ìsọmọlórúkọ tó pé, ohun tí ọmọ ìbá torí rẹ̀ jẹ́ Olúgbódi lè ti kúrò lára rẹ̀. Irun Dàda kì í sá bẹ́ẹ̀. Ojú gbogbo ayé ni ó wà.

Ẹ jẹ́ kí a padà sí ìtumọ̀, nítorí ibẹ̀ ni iṣẹ́ wà. Bí a bá ní kí akẹ́kọ̀ọ́ tú orúkọ yìí, ibi tí yóò kọ́kọ́ di mú ni ‘Olú’, yóò sì sọ pé Ọlọ́run ni. Yóò wá wo ‘gbódi’, yóò sì rí ‘òdì’ níbẹ̀: Olú gbé òdì. Ó lè fi kún un pé ìka tó lé náà ni òdì tí à ń wí. Ó dùn ún gbọ́, ṣùgbọ́n ohùn kò gbà á. ‘Gbé’ pẹ̀lú ‘òdì’ yóò fún wa ní ‘gbódì’, ohùn ìsàlẹ̀ ni yóò sì parí rẹ̀. Ohùn àárín ni ó parí Olúgbódi. Bí ẹnìkan bá sì fẹ́ fà á mọ́ Odù Òdí, ohùn òkè tí ó parí ọ̀rọ̀ yẹn kò ní jẹ́ kí ó ṣeé ṣe.

‘Odi’ tí ó ní ohùn àárín méjì ni ohùn gbà, irú rẹ̀ méjì ni ó sì wà: odi ìlú, àti odi tí kò lè sọ̀rọ̀. Níbí ni ewu wà. A lè ní ‘Olú gbé odi’, a lè ní ‘Olú gbá odi’, a tilẹ̀ lè ní ‘Olú gbọ́ odi’, kí ó di pé Ọlọ́run gbọ́ ti ẹni tí kò lè sọ̀rọ̀. Nípa ìpajẹ fáwẹ́lì, Olúgbódi ni gbogbo wọn yóò já sí láìsí àléébù kankan. Èwo nínú wọn ni ó kan ìka mẹ́fà? Kò sí. Ohun tí òfin gírámà kò kọ̀ kò tí ì di òtítọ́ nítorí ìyẹn, a sì máa ń gbàgbé èyí púpọ̀ nígbà tí a bá ń tú orúkọ. Bákan náà ni ẹni tí ó bá sọ pé Àìná túmọ̀ sí ‘ẹni tí a kì í nà’ gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ sọ bí ‘nà’ olóhùn ìsàlẹ̀ ṣe di ‘ná’.

Ìfura kejì wa wà lórí ‘Olú’ fúnra rẹ̀. Àwọn orúkọ bí Olúgbénga àti Olúyẹmí, àbísọ ni wọ́n. Gbólóhùn ni wọ́n, Olú sì ni olùwà inú wọn. Nínú àwọn àmútọ̀runwá tí a ń kọ́ ọmọ, kò sí òmíràn tí ó bẹ̀rẹ̀ báyìí. Ipò tí a bá ọmọ ni àmútọ̀runwá ń tọ́ka sí, kì í sábà jẹ́ gbólóhùn nípa Ọlọ́run. Ọ̀kẹ́ ni àpẹẹrẹ tí ó mọ́ jù: àpò ni ọ̀kẹ́, inú àpò sì ni ọmọ náà wà nígbà tí a bí i.

Ó ṣeé ṣe nígbà náà pé ‘olú’ yìí kì í ṣe Olú rárá. Nínú àwọn ẹ̀ka-èdè ìlà-oòrùn, bí Èkìtì, níbi tí a ti ń pe ilé ní ‘ulé’, bí a bá so ‘oní’ mọ́ ‘ulé’, ‘olúlé’ ni yóò dà. Bí ọ̀rọ̀-orúkọ kan bá ti wà rí tí ó jẹ́ ‘ùgbódi’, tí ó ń tọ́ka sí ìka tó lé, ẹni tí ó ni ín yóò jẹ́ ‘olúgbódi’. Èyí bá ìṣesí àmútọ̀runwá mu ju gbólóhùn àdúrà lọ. Àbá lásán ni, a kò sì fẹ́ kí ẹnikẹ́ni dà á kọ sí pátákó. A ní láti kọ́kọ́ rí ọ̀rọ̀ náà gan-an lẹ́nu àwọn tí ń sọ ẹ̀ka-èdè bẹ́ẹ̀.

Àwa tí ń ṣètò ìdánwò ni ọ̀rọ̀ yìí kàn jù. Bí a bá bèèrè pé ‘Kí ni ìtumọ̀ Olúgbódi?’, ohun méjì ni akẹ́kọ̀ọ́ lè rò pé a ń bèèrè: irú ọmọ tí ń jẹ́ ẹ, tàbí bí a ṣe tú orúkọ náà. Ọmọ tí ó bá kọ ‘ọmọ tí ó ní ìka mẹ́fà’ ti gbà á. Tí ìwé ìmáàkì wa bá ń retí ‘Olú gbé òdì’, a ti fi ìyà jẹ ẹni tí ó mọ̀ ọ́n, a sì ti fún ẹni tí ó há irọ́ sórí ní máàkì. Ó burú ju èyí lọ bí ọmọ tí ó ní ìka náà bá wà nínú kíláàsì, tí a wá ń sọ létí rẹ̀ pé òdì ni orúkọ rẹ̀ ń wí.

Nítorí náà, ‘Irú ọmọ wo ni a ń sọ ní Olúgbódi?’ ni kí a máa bèèrè. Ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ wa tí ẹ ń kọ́ni ní Èkìtì, Oǹdó, Àkókó àti Ìkálẹ̀, ẹ bá wa bi àwọn ìyá àgbà àti àwọn agbẹ̀bí ní ìlú yín: kí ni wọ́n ń pe ìka tó lé, ohùn wo ni wọ́n fi ń pè é, ṣé wọ́n sì ní orúkọ fún ọmọ náà tí kò ní ‘Olú’ nínú? Ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ bí wọ́n ṣe pè é, kí ẹ má ṣe tún un ṣe.