Fásitì Oomza àti Ẹ̀gún Tí Wọ́n Jí

Ilé ẹ̀kọ́ tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ lé lórí kò sí nínú ìwé JAMB. Kò sí ọkọ̀ tó lè gbé ni débẹ̀ láti Èkó tàbí Ìbàdàn, nítorí orí plánẹ́ẹ̀tì mìíràn ni Nnedi Okorafor kọ́ ọ sí nínú ìtàn-àròsọ rẹ̀ tó ń jẹ́ Binti. Fásitì Oomza ni wọ́n ń pè é. Ìwé náà jáde ní 2015, kò sì nípọn. Ọmọ ilé ìwé lè kà á tán láàárín ọjọ́ méjì. Ó gba àmì ẹ̀yẹ Nebula àti Hugo. Àmọ́ kì í ṣe torí àmì ẹ̀yẹ ni mo ṣe ní kí ẹ kà á. Ìbéèrè kan wà nínú rẹ̀ tó kan gbogbo òbí tó ń rán ọmọ nílé ìwé, tó sì kan ọmọ tí wọ́n ń rán: kí ni ilé ẹ̀kọ́ lè gbà lọ́wọ́ ẹni, kí ni kò sì gbọdọ̀ gbà?

Binti, ọmọ ọdún 16, ló ń sọ ìtàn náà fúnra rẹ̀. Ọmọ Himba ni, àwọn ènìyàn tó ń gbé ní àríwá Namibia títí di òní. Àwọn obìnrin wọn máa ń fi ilẹ̀ pupa tí wọ́n pò mọ́ ọ̀rá pa ara àti irun. Otjize ni orúkọ rẹ̀. Binti mọ ìṣirò débi pé bó bá ti ń ro ó nínú ọkàn, agbára á máa ṣàn jáde ní ìka rẹ̀ bí iná mànàmáná. Idán àti sáyẹ́ǹsì kò ní ààlà níbẹ̀. Ó tún ní ohun èlò àtijọ́ kan tó rí he nínú aṣálẹ̀ nígbà tó wà ní kékeré, tí ẹnikẹ́ni kò mọ ohun tí wọ́n fi ń ṣe. Edan ni ìwé náà pè é. Ọmọ Yorùbá tó bá gbọ́ ọ yóò rántí ẹdan Ògbóni, idẹ tí kì í ṣe idẹ lásán.

Oomza gba Binti wọlé, òun sì ni Himba àkọ́kọ́ tí wọ́n máa gbà. Ẹbí rẹ̀ kò fọwọ́ sí i, ló bá yọ́ jáde nílé lóru. Lójú ọ̀nà, àwọn Meduse ya wọ inú ọkọ̀ òfurufú wọn. Ẹ̀dá tó ń léfòó ni wọ́n, wọ́n rí bí agboorùn tí okùn ń fì lábẹ́ rẹ̀. Wọ́n pa gbogbo èrò ọkọ̀, ó ku Binti àti ẹni tó ń wà á. Kí ló fa irú ìbínú yìí? Àwọn ọ̀mọ̀wé Oomza ti jí ẹ̀gún oró ara olórí àwọn Meduse, wọ́n sì gbé e sínú ilé ìṣẹ̀ǹbáyé fásitì bí ohun àfihàn. Wọn kò jí i nítorí ebi. Orúkọ ìmọ̀ ni wọ́n fi jí i.

Ẹni tó bá rò pé inú òfurufú nìkan ni irú èyí ti lè ṣẹlẹ̀, kó rántí ìlú Bìní. Ní 1897, àwọn ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì ṣígun wọ ibẹ̀, wọ́n sì kó àwọn iṣẹ́ idẹ ààfin Ọba lọ. Ọ̀kan nínú wọn, àkùkọ idẹ kan, dé Jesus College ní Yunifásítì Cambridge ní 1905. Bàbá akẹ́kọ̀ọ́ kan ló fi ta ilé ẹ̀kọ́ náà lọ́rẹ. Ní 2016, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ibẹ̀ dìde pé kí wọ́n dá a padà. Oṣù Kẹwàá 2021 ni wọ́n tó fi lé Nàìjíríà lọ́wọ́.

Ẹ wo ọdún 116 yẹn, kí ẹ wá wo Oomza. Binti dúró níwájú ìgbìmọ̀ àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n, ó bá àwọn Meduse ro ẹjọ́ wọn, ìjókòó kan ṣoṣo sì parí ọ̀rọ̀. Wọ́n dá ẹ̀gún náà padà. Wọ́n tún fún Okwu, ọ̀kan nínú àwọn Meduse tó gbógun wọ ọkọ̀, láàyè láti di akẹ́kọ̀ọ́. Níbi yìí ni mo ti bá òǹkọ̀wé jà. Àwọn ọ̀dọ́ tó kú sínú ọkọ̀ náà ní ìyá, wọ́n ní bàbá. Ta ló lọ túfọ̀ fún wọn? Kí ni fásitì sọ fún wọn? Ìwé àkọ́kọ́ yìí yára kọjá lára òkú wọn. Kò tilẹ̀ mú wa wọ kíláàsì kankan, ká rí bí wọ́n ṣe ń kọ́ni ní ilé ẹ̀kọ́ tí wọ́n yìn tó bẹ́ẹ̀.

Síbẹ̀, òótọ́ kan wà nínú ìjókòó yẹn. Ní Oomza bíi ti Cambridge, akẹ́kọ̀ọ́ ló sọ fún àwọn àgbà pé ohun olóhun wà lọ́wọ́ wọn.

Òótọ́ kejì wà lára Binti fúnra rẹ̀. Kí wọ́n tó dé Oomza, otjize rẹ̀ kan ọgbẹ́ Okwu, ọgbẹ́ náà sì jinná. Ilẹ̀ pupa tí àwọn kan fi ń fi Himba ṣe yẹ̀yẹ́ ló di oògùn. Yorùbá ní ilé la ti ń kó ẹ̀ṣọ́ ròde. Binti kó tirẹ̀ dé ìsálú ọ̀run.

Ní ilé ìwé tí mo ti ṣe girama, ẹni tó bá sọ Yorùbá ní kíláàsì máa san owó ìtanràn. Lọ́jọ́ kan, olùkọ́ báyọ́lọ́jì gbé ewé kan wá, irú èyí tí ọmọ máa ń hù létí rẹ̀, ó sì béèrè orúkọ rẹ̀. Ọ̀rẹ́ mi mọ̀ ọ́n. Àbámodá ni, ìyá rẹ̀ sì ń lò ó fún ikọ́ ọmọdé. Àmọ́ Yorùbá nìkan ló mọ orúkọ rẹ̀ sí, ló bá dákẹ́. Gbogbo wa jáde ní kíláàsì yẹn láìgbọ́ ohun tó mọ̀. Kò sẹ́ni tó jí nǹkan kan lọ́wọ́ rẹ̀ lọ sí ilé ìṣẹ̀ǹbáyé, ṣùgbọ́n a ti gba nǹkan lọ́wọ́ rẹ̀.

Ẹ̀yin olùkọ́, ẹ jẹ́ kí àwọn ọmọ ka ìwé yìí, kí ẹ sì béèrè lọ́wọ́ wọn ta ni yóò sunkún àwọn tó kú. Ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi tí ẹ ń múra àtilọ sí fásitì, ẹ kíyè sí ohun tí Binti ṣe nígbà tí otjize tó gbé láti ilé tán. Ó wọ inú igbó Oomza lọ, ó wá ilẹ̀ níbẹ̀, ó pò ó fúnra rẹ̀, ó sì dán an wò lára Okwu bóyá yóò ṣiṣẹ́. Ó ṣiṣẹ́.