"Ó Ṣì Ń Ṣiṣẹ́" Kò Ní Ká Má Tún Ilẹ̀kùn Ṣe

Ọ̀rọ̀ kan wọ́pọ̀ lẹ́nu àwọn oníṣòwò wa: "Ó ṣì ń ṣiṣẹ́, kí ni mo fẹ́ pààrọ̀ ẹ̀ fún?" Tó bá jẹ́ ẹ̀rọ ìlọta ni wọ́n ń wí, mi ò ní bá wọn jà. Ṣùgbọ́n ètò kọ̀ǹpútà tí èèyàn fi ń jókòó sílé, tó fi ń ṣiṣẹ́ lórí kọ̀ǹpútà ọ́fíìsì, ilẹ̀kùn ni. Ilẹ̀kùn tí ikán ti jẹ á ṣì máa ṣí, á sì máa tì. Olè ló máa kọ́kọ́ mọ̀ pé kò lágbára mọ́.

Ẹ jẹ́ ká gbé ẹ̀rí kalẹ̀. Ní oṣù karùn-ún ọdún 2019, ilé iṣẹ́ Microsoft ti Amẹ́ríkà kéde pé àléébù ńlá wà nínú irú ètò yìí lórí àwọn Windows àtijọ́. BlueKeep ni wọ́n ń pe àléébù náà. Ọ̀daràn lè gba ibẹ̀ wọlé láìní páásíwọ́ọ̀dù rárá. Windows XP àti Windows 7 wà nínú ewu; Windows 8 àti 10 bọ́. Láti oṣù kẹrin ọdún 2014 ni Microsoft ti jáwọ́ lára XP, síbẹ̀ wọ́n tún padà wá ṣe àtúnṣe fún un lọ́fẹ̀ẹ́. Ẹ̀rù ló bà wọ́n! Kó tó di ìparí ọdún 2019, àwọn ọ̀daràn ti ń gba ojú ihò náà wọlé. Bí ògiri ò bá lanu, aláǹgbá ò lè ráyè wọ ibẹ̀.

Àwọn tó ń tajà náà ní ẹ̀bi tiwọn o. TeamViewer ti Jámánì máa ń gba owó lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo tẹ́lẹ̀. Nígbà tó yá, wọ́n sọ ọ́ di owó ọdọọdún. Ètò àtijọ́ wọn kì í sì í lè wọ kọ̀ǹpútà tó ń lo tuntun. Ta ni irú ẹ̀ ò ní dùn?

Ẹ bínú, ẹ lẹ́tọ̀ọ́. Àmọ́ orúkọ oníbàárà, gbèsè wọn àti owó oṣù àwọn òṣìṣẹ́ ló wà nínú kọ̀ǹpútà yẹn. Ohun olóhun ni, ẹ má fi ta tẹ́tẹ́. Bí owó tuntun bá wà, ẹ ra tuntun. Bí kò bá sí, ẹ yọ ti àtijọ́ kúrò lórí íntánẹ́ẹ̀tì, kí ẹ máa rìn lọ sí ọ́fíìsì. Ẹsẹ̀ á ro yín díẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ ó sùn dáadáa.