Èémí Gertie

Ọ̀gá tó kọ́ mi ní àwòrán tó ń rìn, ní Ajílósùn níbí, kì í jẹ́ kí ọmọ iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀ látorí eré sísá. Mímí ni yóò ní kó yà: ẹ̀dá tó jókòó jẹ́ẹ́, tí kò gbọ́wọ́, tí kò gbẹ́sẹ̀, síbẹ̀ tí ẹni tó ń wò ó mọ̀ pé ó wà láàyè.

Lára iṣẹ́ Winsor McCay, ará Amẹ́ríkà, ló ti rí i kọ́. Gertie, tí ọkùnrin yìí gbé jáde nínú fíìmù ní 1914, jẹ́ ẹranko ayé àtijọ́ tó tóbi ju erin lọ, àmọ́ ìwà ọmọdé ló ń hù. Ó jẹ odindi igi, ó mu adágún gbẹ. Wọ́n bá a wí, ó bú sẹ́kún. Fíìmù náà kò lóhùn. McCay fúnra rẹ̀ ló ń dúró lórí ìtàgé pẹ̀lú pàṣán, tó ń pàṣẹ fún un. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún àwòrán ni, John Fitzsimmons ló sì ń bá a tún òkúta àti omi ẹ̀yìn yà sórí ìwé kọ̀ọ̀kan.

Èémí Gertie gan-an ló ń pa ọ̀gá mi bí ọtí. McCay fi aago wọn èémí ara rẹ̀ kó tó mọ iye àwòrán tí ìhà Gertie yóò fi wú. Ọ̀gá wá kó wa lọ wo àgbò tó ń jẹ àpọ̀jẹ nítòsí Ọjà Ọba.

"Ẹ fi ẹnu rẹ̀ sílẹ̀. Ìhà ni kẹ́ ẹ wò."

Wíwú yá ju rírọ̀ lọ. Bó bá sì rọ̀ tán, á dúró díẹ̀ kó tó tún fà á. Inú ìdúró yẹn ni iṣẹ́ wà. Ẹni tó bá fún wíwú àti rírọ̀ ní iye ìwé kan náà, ẹwìrì alágbẹ̀dẹ ló yà. Gíláàsì fèrèsé tí a gbé lé bíríkì, gílóòbù nísàlẹ̀, la fi ń rí ìlà àná lábẹ́ ìlà òní. Bí iná bá lọ, a ó ti àtùpà bọ̀ ọ́. Ọ̀gá á tẹ́ ọwọ́ lé àyà ara rẹ̀, á dijú, á máa kà á wúyẹ́wúyẹ́. Ibẹ̀ náà ni ẹ̀rín Gertie ti ń wá: wọ́n pàṣẹ fún un, ó kọ́kọ́ mí ná. Títí dòní, bí mo bá ń wo ọ̀pọ̀lọ́ tí Moustapha Alassane, ará Niger, fi ṣe ààrẹ nínú Bon voyage, Sim ti 1966, ọ̀fun rẹ̀ lojú mi máa ń lọ.

Lóde òní, wọ́n á tẹ fóònù, ọmọláńgidi tí ẹlòmíràn ti ṣe sílẹ̀ á máa jó, á máa ṣẹ́jú, kò ní sinmi. Ìyá ìyàwó kan ní kí n ya ọmọ òun àti ọkọ rẹ̀ níbi tí wọ́n ti ń jó fún òun dọ̀la. Mo ní ọ̀la kọ́. Ó lọ bá ẹni tó ní ìrọ̀lẹ́. Tọkọtaya jó dáadáa. Bí ijó ti dá, wọ́n di páálí. Màmá sì fún un lówó lé.