Ẹlẹ́rìí Tí Ọ̀ràn Kàn: Àgbéyẹ̀wò Fíìmù "Sex for Grades"

Àwọn kan gbà pé ẹni tí ọ̀ràn kàn kò lè jẹ́rìí òtítọ́ lórí ọ̀ràn náà. Fíìmù tí Kiki Mordi ṣe fún BBC, tó jáde ní ọjọ́ 7, oṣù Kẹwàá, ọdún 2019, ni mo fẹ́ fi ta ko èrò yìí.

Kì í ṣe eré àgbéléwò. Àwọn oníròyìn obìnrin díbọ́n bí akẹ́kọ̀ọ́, wọ́n gbé kámẹ́rà ìkọ̀kọ̀ wọ Yunifásítì Èkó àti Yunifásítì Gánà, láti wádìí bóyá lóòótọ́ ni àwọn olùkọ́ kan ń fi ìbálòpọ̀ lọ àwọn ọmọbìnrin tó nílò ìrànlọ́wọ́ wọn.

Mordi kò fi ara rẹ̀ pamọ́. Ó sọ nínú fíìmù náà pé irú ìwà yìí ló mú kí òun fi yunifásítì sílẹ̀. Ajàfẹ́tọ̀ọ́ obìnrin ni, ìjà ló sì ń jà. Ṣùgbọ́n kò ní ká gba òun gbọ́ nítorí pé ọ̀rọ̀ náà dun òun. Ó jẹ́ kí àwọn olùkọ́ náà fi ẹnu ara wọn sọ ọ́.

Ibi tó ká mi lára jù ni ti oníròyìn tó pe ara rẹ̀ ní ọmọ ọdún 17 tó ń wá ìwọlé. Olùkọ́ tó lọ bá, pásítọ̀ ni. Ó kọ́kọ́ gbàdúrà fún un. Nígbà tó yá, ó ní kó pa iná, kó ti ilẹ̀kùn, kí òun lè fi ẹnu kò ó lẹ́nu. Ọmọ ọdún 16 ni èmi, láìpẹ́ èmi náà á máa wá ìwọlé. Ká ní ọmọ náà fẹjọ́ sùn láìsí kámẹ́rà, ta ni ì bá gbà á gbọ́ ju pásítọ̀ lọ?

Fíìmù náà ní àléébù kan lójú mi. Ó pẹ́ lórí ohun tí kámẹ́rà ìkọ̀kọ̀ rí, àmọ́ kò pẹ́ tó lórí ọ̀nà tí akẹ́kọ̀ọ́ lè gbà fẹjọ́ sùn. Ènìyàn lè wò ó tán kó máa bínú sí ọkùnrin méjì mẹ́ta, kó gbàgbé ètò tó fún wọn láyè.

Síbẹ̀, iṣẹ́ náà so èso. Ọjọ́ méjì lẹ́yìn tó jáde, wọ́n tún gbé àbádòfin lórí ọ̀rọ̀ yìí wá sí Ilé Ìgbìmọ̀ Aṣòfin Àgbà, níbi tí irú rẹ̀ ti wá ní 2016 tí kò di òfin. Oṣù Keje 2020 ni wọ́n fọwọ́ sí i níbẹ̀. Àmọ́ ibẹ̀ nìkan kọ́ ni àbádòfin ń gbà kó tó di òfin. Fíìmù lè ṣí ilẹ̀kùn. Àwọn ènìyàn ló gbọ́dọ̀ wọlé.

Ní tèmi, ẹlẹ́rìí rere ni Mordi, nítorí pé ó mú ẹ̀rí wá pẹ̀lú ìbínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo ọmọ ló máa rí oníròyìn tí yóò gbé kámẹ́rà tẹ̀ lé e. Ẹ̀yin òbí àti olùkọ́ wa, bí a bá wá fẹjọ́ sùn, ẹ jọ̀wọ́, ẹ gbọ́ wa ná.