Àwòrán Tí Kò Ní Isnad

Ní ọjọ́ kan a fi fíìmù kan han àwọn ọmọ ilé kéú wa ní Ìsàlẹ̀ Èkó. Àwòrán àtijọ́ kọjá nínú rẹ̀: ọ̀nà tóóró, ilé páánù, àwọn ọmọ wẹ́wẹ́. Ohùn kan ní bí Èkó ṣe rí nígbà náà nìyẹn. Ọmọbìnrin kan béèrè pé, "Àáfà, ta ló yà á?" A wò ó títí fíìmù fi parí, a kò rí orúkọ ẹnikẹ́ni.

Ìbéèrè yìí ni a fẹ́ fi wọn iṣẹ́ àwọn tó ń tọ́jú fíìmù àtijọ́, tí wọ́n sì ń fún àwọn tó ń ṣe fíìmù tuntun. Ẹni tó bá kọ́ ìmọ̀ hádíìsì mọ̀ pé a kì í gba ọ̀rọ̀ lásán. A ó kọ́kọ́ béèrè ẹni tó sọ ọ́ àti ẹni tó gbọ́ ọ lẹ́nu rẹ̀. Ìyẹn ni isnad. Ẹlẹ́rìí ni àwòrán náà, ó yẹ kí ó ní isnad tirẹ̀.

Ẹ wo fíìmù Anti-Plague Operations, Lagos, tí William Sellers, òyìnbó ẹ̀ka ìlera, ṣe ní 1937. Àrùn tí eku ń kó ran ènìyàn ti bẹ̀rẹ̀ sí í jà ní Èkó láti 1924. Òun ló mú kí ìjọba dá àjọ LEDB sílẹ̀ ní 1928. Ojú wolé-wolé ni Sellers fi wo ìlú. A kò sọ pé ó purọ́, ṣùgbọ́n ẹni tó ń wá eku, eku ni yóò rí. Bẹ́ẹ̀ Mọ́ṣáláṣí Shitta-Bey ti wà láti 1894. Bí a bá gé ìṣẹ́jú kan nínú irú fíìmù bẹ́ẹ̀ láìsọ ìdí tí wọ́n fi yà á, ọmọ yóò rò pé inú ẹ̀gbin nìkan ni àwọn baba ńlá rẹ̀ gbé. Kò sì rí ilé tí yóò fi jiyàn, nítorí láti 1955 ni LEDB ti ń wó wọn, tí ọ̀pọ̀ ará ibẹ̀ kó lọ sí Sùúrùlérè.

A kò fojú kéré iṣẹ́ wọn. Ooru àti ọ̀rinrin a máa ba fíìmù jẹ́ títí yóò fi máa rùn bí ọtí kíkan. Ní 2015, Didi Cheeka rí agolo fíìmù tó ti dípẹtà ní ilé iṣẹ́ fíìmù ìjọba àtijọ́ ní Ìkòyí. Shaihu Umar tí Adamu Halilu ṣe ní 1976, ìtàn onímọ̀ Mùsùlùmí kan, ti sọnù lójú ayé kí wọ́n tó rí i, tí wọ́n sì tún un ṣe. Ní 2018 wọ́n fi hàn ní Berlin.

Ṣùgbọ́n ìdajì iṣẹ́ ni rírí àti títọ́jú. Ẹni tó ń fúnni ní àwòrán gbọ́dọ̀ sọ ẹni tó yà á, ọdún, àti ìdí. Ẹni tó gbà á gbọ́dọ̀ kọ ọ́ sójú fíìmù. Ẹni tó bá fi pamọ́ ní ìpín nínú àṣìṣe náà.

Ẹ̀yin òbí, ẹ mú kásẹ́ẹ̀tì wòlímọ̀ àti nìkáì yín jáde lónìí. Ẹ kọ orúkọ, àdúgbò àti ọdún sí i lára. Ọmọ kan yóò béèrè lọ́la.